Àwọn Tó Ń Tọ́jú Ọ̀rọ̀ Wa: Ìtàn Ilé-Ìkàwé Fásitì Ìbàdàn

Èmi ni mo dáná sun àpótí ìwé bàbá mi àgbà. N kò ní fi í pamọ́ fún ẹ̀yin tí ẹ ń ka àròkọ yìí, nítorí pé inú iná ọjọ́ náà ni gbogbo ohun tí mo fẹ́ sọ ti bẹ̀rẹ̀.

Ọdún 2016 ni Bàbá Àgbà papò dà. Ẹni ọdún 88 ni wọ́n. Bàbá Akọ̀wé ni gbogbo ìlú ń pè wọ́n, nítorí pé ọ̀pọ̀ ọdún ni wọ́n fi jẹ́ akọ̀wé ẹgbẹ́ ọmọ ìlú wa. Nígbà tí ìsìnkú ku ọjọ́ mẹ́ta, wọ́n ní kí àwa ọmọdé kó ẹrù inú yàrá wọn jáde kí àwọn tó fẹ́ kun ilé lè ráyè. Àpótí onígi kan wà lábẹ́ ibùsùn. Ikán ti jẹ ìdí rẹ̀. Ìwé ló kún inú rẹ̀: ìwé tí wọ́n fi ọwọ́ kọ, lẹ́tà, àti ìwé ìròyìn tó ti gbẹ bí ewé inú ọ̀gbẹlẹ̀. Mo gbé e lọ sí ẹ̀yìnkùlé, mo da epo díẹ̀ sí i, mo ṣáná sí i. Kò pẹ́ rárá tí gbogbo rẹ̀ fi di eérú. Mo gbọn ọwọ́ mi, mo rò pé mo ti ṣiṣẹ́ ọmọ gidi.

Ọdún méjì lẹ́yìn náà, baálẹ̀ ìlú wa kú. Ìdílé méjì ló ń jẹ oyè náà, ìdílé kọ̀ọ̀kan sì ní àwọn ló kàn. Àwọn àgbà ìdílé kìíní sọ pé Bàbá Akọ̀wé ti kọ ọ́ sílẹ̀ pé ọ̀dọ̀ àwọn ni oyè náà ti ṣẹ̀. Àwọn ìdílé kejì ní irọ́ ni, wọ́n ní ọ̀dọ̀ tàwọn ni Bàbá Akọ̀wé kọ. Ni gbogbo wọn bá kọrí sí ilé wa. Wọ́n jókòó sí pálọ̀, wọ́n ní kí bàbá mi gbé ìwé Bàbá jáde. Bàbá mi wò mí. Èmi wo ilẹ̀.

Láti ọjọ́ náà ni ọ̀rọ̀ ti bàjẹ́. Kálukú ń fi ohun tó wù ú sí òkú lẹ́nu. Àwọn tí wọ́n jọ ń jẹ iyán ọdún nínú àwo kan kò kí ara wọn mọ́. Àbúrò ìyá mi tó fẹ́ ọmọ ìdílé kejì kó ẹrù rẹ̀ padà wá sílé wa, ó sì lo oṣù mẹ́ta gbáko. Bí mo bá rí i tó ń dá nìkan gbálẹ̀ láàárọ̀, ṣe ni ọkàn mi máa ń bù mí jẹ.

Nígbà tí mo wọ kọ́lẹ́ẹ̀jì tí wọ́n ti ń kọ́ iṣẹ́ olùkọ́, olùkọ́ ìtàn wa fún wa ní iṣẹ́ ṣe. Wọ́n ní kí oníkálukú wá ìwé kan tó ti ju 50 ọdún lọ tó sọ̀rọ̀ nípa ìlú rẹ̀. Mo lọ bá wọn, mo ní ìlú tèmi kò ní ìwé. Mo sọ ìtàn àpótí náà fún wọn. Wọ́n dákẹ́ díẹ̀, wọ́n wá kọ lẹ́tà kan lé mi lọ́wọ́. Wọ́n ní kí n mú un lọ sí ilé-ìkàwé Fásitì Ìbàdàn, èyí tí wọ́n fi orúkọ Kenneth Dike sọ.

Obìnrin àgbàlagbà kan ló dá mi lóhùn níbi tí wọ́n ń tọ́jú àwọn ìwé tó jẹ mọ́ Nàìjíríà.

"Ẹ káàárọ̀, mà."

"Káàárọ̀, ọmọ mi. Kí lo ń wá?"

Mo rò fún wọn, mi ò sì yọ iná kúrò nínú rẹ̀. Wọn kò bá mi wí. Ìbéèrè ni wọ́n bi mí: "Gbogbo ohun tí bàbá yín kọ, ṣé ọwọ́ lásán ni, àbí wọ́n tẹ èyíkéyìí jáde?"

Mo rántí pé bàbá mi sọ nígbà kan pé ẹgbẹ́ ọmọ ìlú tẹ ìwé pẹlẹbẹ kan ní Ìbàdàn, tí wọ́n tà láti fi rí owó kọ́ ilé ìwé.

"Ọdún wo?"

"Kí Nàìjíríà tó gba òmìnira ni, mà."

"Ṣé lẹ́yìn 1950 ni?"

"Ó jọ bẹ́ẹ̀, mà."

"Jókòó nígbà náà. Ó ṣeé ṣe kó wà lọ́dọ̀ wa."

Mo jókòó, ṣùgbọ́n ìbéèrè yẹn kò kúrò lọ́kàn mi. Kí ló ṣẹlẹ̀ ní 1950? Báwo ni ìwé kékeré tí àwọn àgbẹ̀ àti oníṣòwò ìlú kékeré dáwó tẹ̀ ṣe lè wà ní fásitì nígbà tí kò sí ní ilé ẹni tó kọ ọ́? Ohun tí mo rí nígbà tí mo wá ìdáhùn ni mo fẹ́ sọ fún yín.

Ní oṣù kìíní ọdún 1948 ni ẹ̀kọ́ bẹ̀rẹ̀ ní Yunifásítì Kọ́lẹ́ẹ̀jì Ìbàdàn. Ẹlẹ́yẹlé ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀, nínú àwọn ilé tí àwọn ológun ti lò fún ilé ìwòsàn nígbà ogun àgbáyé kejì. Akẹ́kọ̀ọ́ 104 ni wọ́n, tí ọ̀pọ̀ nínú wọn ti ilé ẹ̀kọ́ gíga Yaba ní Èkó wá. Ọdún yẹn kan náà ni John Harris dé láti orílẹ̀-èdè New Zealand, níbi tó ti ń ṣe olórí ilé-ìkàwé Fásitì Otago. Òun ni wọ́n kọ́kọ́ fi ṣe olórí ilé-ìkàwé Ìbàdàn, nǹkan bí 20 ọdún ló sì lò níbẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká ro iṣẹ́ tó bá níwájú. Kò tíì sí ilé gidi. Òjò ń rọ̀, ooru ń mú, ikán ń rìn. Àwọn ìwé tí wọ́n kó wá láti Yaba kò tó fún fásitì. Lọ́nà wo ni ènìyàn fi ń bẹ̀rẹ̀ ilé-ìkàwé ńlá láti orí òfo?

Ìdáhùn náà wà ní Èkó, nínú ilé ọkùnrin kan tó ti kú. Henry Carr ni orúkọ rẹ̀. Ọdún 1863 ni wọ́n bí i ní Èkó sí inú ìdílé àwọn Sàró, àwọn ọmọ Yorùbá tó padà wálé láti Sierra Leone. Ó kàwé ní Fourah Bay ní Freetown, ó ṣe olùkọ́, ó ṣe alábòójútó ilé ìwé, ó sì di àjẹ́lẹ̀ ìjọba fún ìlú Èkó láti 1918 sí 1924, ipò tí wọn kì í sábà fún ènìyàn dúdú láyé ìgbà náà. Bí àwọn mìíràn ṣe ń kó ilẹ̀ àti ilé jọ ni Carr ń kó ìwé jọ. Nígbà tó kú ní 1945, nǹkan bí 18,000 ìwé ló wà nílé rẹ̀. Ìjọba ra àwọn ìwé náà, wọ́n sì di ìpìlẹ̀ ilé-ìkàwé tuntun ní Ìbàdàn. Ìyẹn ni pé láti inú pálọ̀ ọmọ Yorùbá kan ni ilé-ìkàwé fásitì wa àkọ́kọ́ ti gbéra. Ó yẹ kí gbogbo ọmọ ilé ìwé mọ èyí. Ọ̀pọ̀ wa rò pé àwọn òyìnbó nìkan ló gbé ìwé wá fún wa.

Ṣùgbọ́n ibi tí ọ̀rọ̀ náà ti dùn jù lọ kò tíì dé. Carr ní alátakò kan ní Èkó, ìyẹn Herbert Macaulay. Ọmọ ọmọ Bíṣọ́ọ̀bù Àjàyí Crowther ni Macaulay, bàbá rẹ̀ ló sì dá CMS Grammar School sílẹ̀ ní Èkó ní 1859, ilé ìwé kan náà tí Carr ti ṣiṣẹ́ olùkọ́. Ọmọ Sàró ni àwọn méjèèjì. Nǹkan bí ọdún kan péré ni Carr fi ju Macaulay lọ. Àmọ́ ọ̀nà wọn kò papọ̀. Carr gbà pé inú ìjọba ni ènìyàn ti lè tún ìlú ṣe, pé ẹ̀kọ́ àti sùúrù ni yóò gbé wa ga. Macaulay ní rárá, pé àtakò ni ìjọba amúnisìn ń gbọ́. Nígbà tí ìjọba gba ilẹ̀ ní Àpápá, Macaulay bá Olóyè Olúwa lọ sí London, wọ́n sì jàre ní ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní 1921. Nígbà tí ìjọba kéde ní 1920 pé àwọn kò ka Eléko Èṣùgbàyí sí mọ́, Carr ni àjẹ́lẹ̀ Èkó, Macaulay sì ni agbẹnusọ Eléko. Ní 1923 Macaulay dá ẹgbẹ́ òṣèlú sílẹ̀. Ní 1925 ìjọba lé Eléko lọ sí Ọ̀yọ́, kò sì padà sí Èkó títí di 1931. Ní gbogbo ọdún wọ̀nyẹn, àwọn méjèèjì kò fi ojú rere wo ara wọn.

Macaulay kú ní 1946, ọdún kan lẹ́yìn Carr. Níbo ni àwọn ìwé Macaulay wà lónìí, àwọn lẹ́tà rẹ̀, àkọsílẹ̀ ẹjọ́ rẹ̀, ìwé ẹgbẹ́ rẹ̀? Ní Ìbàdàn ni, nínú ilé-ìkàwé kan náà tí ìwé Carr wà. Àwọn méjì tí Èkó kò gbà láyé wá sùn sábẹ́ òrùlé kan.

Nígbà tí mo gbọ́ èyí ni mo tó mọ ohun tí olùtọ́jú ilé-ìkàwé jẹ́. Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní agbẹjọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà. Bí ẹni tó ń tọ́jú ìwé bá jẹ́ ọmọ ẹ̀yìn Carr, tó sì ju ìwé Macaulay nù, kí ni àwa ọmọ òní ìbá mọ̀? Bó bá jẹ́ ọmọ ẹ̀yìn Macaulay, tó fi ìwé Carr fún ikán jẹ ńkọ́? Òpìtàn lè gbè sẹ́yìn ẹnì kan, olóṣèlú gbọ́dọ̀ gbè sẹ́yìn ẹnì kan. Olùtọ́jú ilé-ìkàwé ni ẹni tí iṣẹ́ rẹ̀ fi dandan lé e pé kó tọ́jú ìwé ẹni tó fẹ́ràn àti ìwé ẹni tí kò fẹ́ràn, kó sì fi méjèèjì sí ibi tí ọmọ tí wọn kò tíì bí yóò ti rí wọn.

Ní 1950 ni òfin tí obìnrin yẹn ń bi mí nípa rẹ̀ jáde. Òfin náà ní kí ẹnikẹ́ni tó bá tẹ ìwé jáde ní Nàìjíríà fi ẹ̀dà méjì ránṣẹ́ sí ilé-ìkàwé Yunifásítì Kọ́lẹ́ẹ̀jì Ìbàdàn. Kì í ṣe ìwé àwọn ọ̀mọ̀wé nìkan lòfin sọ. Ìwé orin ṣọ́ọ̀ṣì ni, ìwé ìtàn ìlú ni, ìwé àròsọ tí wọ́n ń tà lọ́jà Oníṣà ni, kálẹ́ńdà ẹgbẹ́ ni. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin náà mọ̀ pé òfin kì í fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn. Àwọn onílé ìtẹ̀wé kéékèèké mìíràn kò mọ̀ pé òfin kankan wà. Àwọn mìíràn mọ̀, wọ́n gbàgbé. Nítorí náà àwọn òṣìṣẹ́ ilé-ìkàwé ní láti máa kọ lẹ́tà, kí wọ́n máa rán àwọn atẹ̀wé létí, kí wọ́n sì máa fi ojú wá ìwé kiri. Bí ìwé bá sì ti dé, wọ́n ń kọ orúkọ rẹ̀ sínú ìwé àkójọ tí wọ́n ń tẹ̀ jáde, kí gbogbo ayé lè mọ ohun tí àwọn ọmọ Nàìjíríà kọ. Iṣẹ́ yìí ni wọ́n ṣe títí di 1970, tí òfin mìíràn gbé e lé Ilé-Ìkàwé Orílẹ̀-èdè lọ́wọ́.

Ìwé tí wọ́n tẹ̀ rí olùtọ́jú, èyí tí wọ́n fi ọwọ́ kọ ńkọ́? Kenneth Dike, ọ̀dọ́ onímọ̀ ìtàn tó ń ṣiṣẹ́ ní Ìbàdàn, rí i pé ewu wà níbẹ̀. Láti 1951 ló ti ń lọ káàkiri àwọn ọ́fíìsì ìjọba láti wo bí àwọn àkọsílẹ̀ àtijọ́ ṣe wà. Ohun tó bá kò dára: ọ̀rinrin, kòkòrò, ìwé tí wọ́n kó jọ gègèrè bí igi ìdáná. Ó kọ ìròyìn rẹ̀ fún ìjọba. Ní 1954 iṣẹ́ ìtọ́jú àkọsílẹ̀ ìjọba bẹ̀rẹ̀ ní Ìbàdàn, òfin rẹ̀ sì jáde ní 1957. Títí di òní, inú ọgbà fásitì náà ni ilé ńlá tí wọ́n ń kó àkọsílẹ̀ wọ̀nyí sí wà. Dike yìí ni ọmọ Áfíríkà àkọ́kọ́ tó di olórí fásitì náà ní 1960. Nítorí náà orúkọ rẹ̀ tó wà lára ilé-ìkàwé kì í ṣe oyè lásán, iṣẹ́ rẹ̀ ni.

Ní 1954 yìí kan náà ni ilé-ìkàwé wọ ilé tirẹ̀ tuntun. Maxwell Fry àti Jane Drew, tọkọtaya ayàwòrán ilé láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ló ya ilé náà. Bí ẹ bá dúró níta, ẹ ó rí i pé ara ògiri rẹ̀ jẹ́ ihò-ihò bí agbọ̀n tí wọ́n hun. Oòrùn ò lè wọlé tààrà láti ba ìwé jẹ́, afẹ́fẹ́ sì ń fẹ́ kọjá. Nígbà tí mo jókòó níbẹ̀ lọ́jọ́ náà, iná ìjọba ti lọ, síbẹ̀ mo ń ríran kàwé, ara mi sì tutù.

Mo ti máa ń rò pé iṣẹ́ òṣìṣẹ́ ilé-ìkàwé ni kó jókòó, kó máa sọ pé "Ẹ dákẹ́." Ọjọ́ yẹn ni mo rí àwọn dúróà onígi tí wọ́n kó káàdì sí, káàdì kọ̀ọ̀kan fún ìwé kan. Obìnrin náà fi ọ̀kan hàn mí. Ẹ̀rọ ìtẹ̀wé ni wọ́n fi tẹ̀ ẹ́, ẹ̀rọ ayé ìgbà náà kò sì ní àmì ohùn àti àmì abẹ́ lẹ́tà. Ẹ wo ìyọnu tó wà níbẹ̀: ọkọ, ọkọ́, ọkọ̀, ọ̀kọ̀ àti oko, bákan náà ni gbogbo wọn rí lára káàdì. Ẹni tó ń to káàdì gbọ́dọ̀ ṣí ìwé, kó kà á, kó mọ̀ bóyá ti ìyàwó àti ọkọ ni, àbí ti àgbẹ̀ àti ọkọ́. Orúkọ ènìyàn tún le ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ẹ mú Mojọlà Agbebi, àlùfáà Onítẹ̀bọmi tó jà fún ìjọ àwọn ọmọ Áfíríkà. David Brown Vincent ló ń jẹ́ tẹ́lẹ̀, kó tó pa orúkọ náà tì ní 1894. Bí olùtọ́jú ìwé kò bá mọ ìtàn yìí, ìwé ẹnì kan ṣoṣo á di ìwé ènìyàn méjì. Ó ní láti ṣe káàdì fún Vincent tó sọ pé, "Lọ wo Agbebi." Káàdì kékeré bẹ́ẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ọ̀mọ̀wé fi di ọ̀mọ̀wé, wọn kò sì mọ orúkọ ẹni tó tẹ̀ ẹ́.

Ìwé ìròyìn náà kò gbẹ́yìn. Nílé wa, ìwé ìròyìn àná ni wọ́n fi ń di bọ̀ọ̀lì lónìí. Àmọ́ inú ìwé ìròyìn Akéde Èkó ni I. B. Thomas ti kọ ìtàn Ṣẹ̀gilọlá sí ní 1929 àti 1930, bí ẹni pé obìnrin kan tó ti fi ayé rẹ̀ ṣòfò ló ń kọ lẹ́tà. Ọ̀pọ̀ òǹkàwé gbà pé òótọ́ ni obìnrin náà wà. Lónìí, àwọn onímọ̀ kà á sí ìtàn àròsọ gígùn àkọ́kọ́ ní èdè Yorùbá. Ká ní gbogbo ẹ̀dà ìwé ìròyìn náà ti di ohun tí wọ́n fi di bọ̀ọ̀lì ńkọ́?

N kò gbọdọ̀ jẹ́ kí ẹ rò pé Harris àti Dike nìkan ló ṣe iṣẹ́ yìí. Wọ́n tún dá ẹ̀ka ẹ̀kọ́ sílẹ̀ ní Ìbàdàn láti kọ́ àwọn ọmọ ilẹ̀ yìí ní iṣẹ́ ìtọ́jú ilé-ìkàwé. Nínú àwọn tó gbé ẹ̀ka náà ga ni Felicia Adétòwún Ògúnṣẹ̀yẹ, ọmọbìnrin tó ti kàwé ní Yaba kó tó lọ sí Cambridge. Ní 1973 ó di ọ̀jọ̀gbọ́n, obìnrin àkọ́kọ́ tó dé ipò náà ní Nàìjíríà. Ẹ kíyè sí i pé kì í ṣe ìmọ̀ òfin tàbí ìṣègùn ló gbé obìnrin wa àkọ́kọ́ dé ibẹ̀. Ìmọ̀ ilé-ìkàwé ni. Kò sì jókòó ti àwọn ọmọ fásitì nìkan. Ó dá ilé-ìkàwé sílẹ̀ fún àwọn ọmọdé ní Abadina, àdúgbò àwọn òṣìṣẹ́ kéékèèké nínú ọgbà náà, kí ọmọ ẹni tó ń gbálẹ̀ ní fásitì lè rí ìwé kà bí ọmọ ọ̀jọ̀gbọ́n.

Ìgbà kò lọ bí òréré. Lẹ́yìn 1986, nígbà tí náírà bẹ̀rẹ̀ sí í já wálẹ̀, ọ̀pọ̀ ilé-ìkàwé fásitì ní Nàìjíríà kò lè ra ìwé òkèèrè bíi ti tẹ́lẹ̀ mọ́. Àwọn pẹpẹ tí ìwé tuntun ń dé sí lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í gbófo. Lónìí kọ̀ǹpútà àti íntánẹ́ẹ̀tì ti dé, àwọn kan sì ń bi wá pé kí la tún fẹ́ fi ilé-ìkàwé ṣe. Ìdáhùn tèmi kò gùn. Mo ti tẹ orúkọ ìlú mi sórí Google. Ojú ọjọ́ ìlú náà àti ọ̀nà tó dé ibẹ̀ ni mo rí. N kò rí Bàbá Akọ̀wé.

Obìnrin yẹn ló bá mi rí wọn. Ó lé ní wákàtí kan kí wọ́n tó padà dé, eruku wà ní ọwọ́ aṣọ wọn. Wọ́n gbé páálí tín-ín-rín kan sí iwájú mi, wọ́n ní kí n rọra ṣí i. Ìwé pẹlẹbẹ ni, ojú ewé 32, ọdún 1957. Orúkọ ìlú wa wà lókè. Nísàlẹ̀, ní lẹ́tà kéékèèké, wọ́n kọ ọ́ pé akọ̀wé ẹgbẹ́ ló ṣe àkójọ rẹ̀. Orúkọ bàbá mi àgbà ni. N kò lè kà á lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Omi wà lójú mi, ẹ̀rù sì ń bà mí kí omi náà má kán sórí ìwé.

Nígbà tí mo wá kà á, mo ṣí ibi oyè baálẹ̀ ní kíákíá. Kí ni Bàbá kọ? Wọ́n kọ ohun tí àgbà ìdílé kìíní sọ fún wọn, wọ́n dárúkọ rẹ̀, wọ́n kọ ọjọ́ tó sọ ọ́. Lẹ́yìn náà wọ́n kọ ohun tí àgbà ìdílé kejì sọ, orúkọ rẹ̀ àti ọjọ́ tó sọ ọ́. Wọn kò dá ẹjọ́. Wọ́n kọ méjèèjì sílẹ̀ ní ọ̀gbọọgba, wọ́n sì lọ sí orí tó kàn.

Wọ́n bá mi ṣe ẹ̀dà àwọn ojú ewé náà. Bàbá mi pe ìdílé méjèèjì sí pálọ̀ wa, èmi ni mo sì kà á sí wọn létí. Nígbà tí mo parí, kò sẹ́ni tó sọ̀rọ̀ fún ìgbà díẹ̀. Àgbà kan láti ìdílé kìíní ló kọ́kọ́ la ẹnu. Ó ní, "Orúkọ bàbá mi lo pè yẹn. Bó ṣe máa ń sọ ọ́ nìyẹn." Àgbà kan ní ìdílé kejì ní, "Tèmi náà nìyẹn." Wọ́n wo ara wọn, wọ́n rẹ́rìn-ín díẹ̀.

N kò ní parọ́ pé ọjọ́ yẹn ni ẹjọ́ parí. Wọ́n ṣì ń jókòó lé e lórí. Àmọ́ láti ọjọ́ náà kò sẹ́ni tó tún fi irọ́ sí òkú lẹ́nu, wọ́n sì ti ń kí ara wọn. Àbúrò ìyá mi ti padà sí ilé ọkọ rẹ̀.

Àpótí tí mo sun kò lè padà. Ìwé kan ṣoṣo ló yè nínú ohun tí Bàbá kọ, ó sì yè nítorí pé ẹnì kan gbà á ní 1957, ó lẹ nọ́ńbà mọ́ ọn, ó tẹ káàdì rẹ̀, ó sì gbé e síbi tí ikán kò dé. Ẹni náà kò mọ ìlú wa. Kò mọ̀ pé a ó jà.

Ẹ̀yin òbí, kí ẹ tó kó ẹrù inú yàrá àgbà jáde, ẹ jọ̀wọ́, ẹ kọ́kọ́ ka ohun tó wà nínú àpótí. Ẹ̀yin olùkọ́ wa, ẹ máa kọ lẹ́tà lé àwọn ọmọ yín lọ́wọ́, bí olùkọ́ mi ti ṣe fún mi, kí ẹ sì rán wọn lọ. Ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ mi akẹ́kọ̀ọ́, bí ẹgbẹ́ yín tàbí ìlú yín bá tẹ ìwé, bó ti wù kó kéré mọ, ẹ rí i pé ẹ̀dà rẹ̀ dé ilé-ìkàwé. Bí ìwé tí àròkọ yìí wà nínú rẹ̀ bá sì jáde, àdúrà mi ni pé kí ẹnì kan má gbàgbé láti fi ẹ̀dà tirẹ̀ náà ránṣẹ́.